Wọ́n Pàtẹ́wọ́ fún Ẹni Tó Pa Ṣùbòmí

Ojúlé Kejìlá,
Òpópónà Láyíwọlá,
Súrùlérè, Èkó.
Ọjọ́ Kẹsàn-án, Oṣù Kẹfà, 2025.

Kíkẹ́, ọ̀rẹ́ mi àtàtà,

Ṣé àlàáfíà lo wà ní Àkúrẹ́? Ọkọ rẹ ńkọ́? Àwọn ọmọ ńkọ́? Ṣé ẹsẹ̀ tó ń dùn ọ́ ti san? Ara tèmi le, mo dúpẹ́. Ọkàn ni kò balẹ̀.

O bi mí bí fíìmù tí ẹ̀gbọ́n mi Gbádé ṣe nípa ikú Ṣùbòmí, àbúrò wa, ṣe rí. O rántí pé àwọn ọmọ ẹgbẹ́ òkùnkùn ló ṣá a pa ní Muṣin, nígbà tó ń bọ̀ láti ibi tó ti ń kọ́ṣẹ́ mẹkáníìkì. Ẹ̀gbọ́n mi ní òun fẹ́ kí aráyé rí bí ikú náà ṣe burú tó, bóyá àwọn ọ̀dọ́ á ju àdá sílẹ̀.

Sátidé kan lóṣù tó kọjá ni wọ́n kọ́kọ́ fi í hàn ní sinimá kan ní Yábàá. Gbádé, Màámi àti èmi la jọ jókòó. Nígbà tí Benjamin, òṣèré tó ṣe apànìyàn, fa àdá yọ, tí orin sì gbóná, gbogbo èrò ibẹ̀ pariwo: "Ṣá a! Má jẹ́ kó lọ!" Kíkẹ́, n kò ní purọ́ fún ọ. Èmi tí mo mọ ẹni tí wọ́n fẹ́ ṣá, mo na ọrùn kí n lè rí i dáadáa. Ó dùn ún wò. Ohun tó ń bà mí lẹ́rù nìyẹn. Bí àdá ṣe balẹ̀, wọ́n pàtẹ́wọ́.

Màámi kò sunkún. Ó kàn yíjú sí ẹ̀gbọ́n mi, ó ní, "Gbádé, ṣé báyìí náà ni wọ́n ṣe ń pàtẹ́wọ́ lọ́jọ́ tí wọ́n pa á?"

Gbádé dìde, ó jáde. Níta, àwọn ọmọkùnrin ń du ara wọn láti bá Benjamin ya fọ́tò. Wọ́n ti ń rìn bíi tirẹ̀ ní Muṣin báyìí. Àwọn àgbà ní ojú tó ti rí òkun kì í rí ọ̀sà kó bẹ̀rù. Ojú tiwa ti rí ẹ̀jẹ̀ jù.

Mo bẹ ẹ̀gbọ́n mi pé kó gé ibẹ̀ kúrò. Ó ní, "Níkẹ́, torí ibẹ̀ gan-an ni wọ́n ṣe ń wá."

Màámi kì í bá a jẹun mọ́. Bó bá wọlé, Màámi á dìde, á wọ yàrá lọ.

Lánàá, àwọn tó náwó sí fíìmù náà ní kó ṣe apá kejì, ó sì ti gbà. Apànìyàn yẹn ni yóò jẹ́ akọni ibẹ̀. Wọ́n ti wá ìyàwó fún un nínú ìtàn náà. Mo ní Ṣùbòmí ńkọ́? Ẹ̀gbọ́n mi ní kò sí nínú eléyìí.

Bá mi kí ọkọ rẹ àti Ìyá Abọ́dúndé, aládùúgbò yín. Bí fíìmù náà bá dé Àkúrẹ́, jọ̀ọ́, má lọ wò ó. Ẹ̀rù ń bà mí pé ìwọ náà á pàtẹ́wọ́.

Ọ̀rẹ́ rẹ títí ayé,
Ọláníkẹ́