Ẹni Tó Gbé Hàfísátù Pamọ́

Ṣakí, oṣù Kejì, 1956

Ìyá mi tó wà n'Ìbògùn,

Mo kúnlẹ̀ kí yín o. Ara mi le, mo tilẹ̀ sanra sí i. Àwọn abupá tí mo ń bá kiri ń tọ́jú mi dáadáa.

Iṣẹ́ mi ò le. Bí ará ìlú bá pé jọ, màá ṣí ìborùn kí wọ́n rí àpá ṣọ̀pọ̀ná lójú mi. Màá ní Hàfísátù ọmọ mi ì bá wà láàyè, ká ní a ò gbé e pamọ́ nígbà tí àwọn abupá wá bupá fún un.

Lánàá, ìyá àgbà kan bi mí pé, "Ta ló gbé e pamọ́ fún wọn?"

Mo ní, "Èmi ni, Ìyá."

Ó bú sẹ́kún, ó wọlé, ó sì kó ọmọ-ọmọ rẹ̀ mẹ́ta jáde.

Ìyá, mi ò dárúkọ yín rí, mi ò sì ní í dárúkọ yín. Ìfẹ́ ló mú yín ti ilẹ̀kùn mọ́ ọn. Bí mo bá ti sọ̀rọ̀ náà tán, oúnjẹ kì í lọ lọ́fun mi, ṣùgbọ́n ẹ má dààmú.

Ẹ bá mi kí Bùrẹ́ímọ̀ ẹ̀gbọ́n mi. Ẹ bá mi tu koríko orí sàréè náà. Kí Ọlọ́run dá yín sí fún mi.

Ròkíátù, ọmọ yín