Sí Ìyá Ẹ̀gbọ́n Káfíńtà, Ẹni Tó Ní Ká Má Ti Ilẹ̀kùn

Ìyá wa,

Pẹ̀lú ọkàn tó gbọgbẹ́ ni ẹgbẹ́ wa fi ń kí yín, ẹ̀yin àti ìyàwó àti àwọn ọmọ olóògbé, kú ọ̀fọ̀ ọmọ yín àgbà, tí gbogbo wa ń pè ní Ẹ̀gbọ́n Káfíńtà. Ikú dóró. Ọ̀rọ̀ náà dùn wá wọ eegun.

Ẹ̀gbọ́n kò fi pamọ́ fún ẹnikẹ́ni pé òun ti wà láàárín àwọn agbawèrèmẹ́sìn rí. Tọkàntọkàn ló fi gbà wọ́n gbọ́, títí di ọjọ́ tí wọ́n ní kó wá kan pákó mọ́ fèrèsé ilé kan, tó sì gbọ́ ẹkún obìnrin nínú ilé náà. Ó yọ gbogbo ìṣó tó ti kàn, ó jẹ́ kí obìnrin náà jáde, òun náà sì gba ẹ̀yìnkùlé sá lọ. Àmọ́ àbúrò rẹ̀, tí òun fúnra rẹ̀ fà lọ́wọ́ débẹ̀, kọ̀ láti tẹ̀ lé e. Ọgbẹ́ yẹn kò jinná títí tó fi kú.

Nígbà tó dara pọ̀ mọ́ wa nínú iṣẹ́ gbígba àwọn tó sá kúrò lọ́dọ̀ wọn, ó kọ́ wa pé ẹni tí wọ́n fi ọ̀rọ̀ tàn kì í tètè gba ọ̀rọ̀ gbọ́ mọ́. Bí a bá fẹ́ máa bá àlejò jiyàn ẹ̀sìn, á fi wá ṣe yẹ̀yẹ́ pé, "Ẹ̀yin oníwàásù, ẹ jẹ́ kó kọ́kọ́ jẹun." Lẹ́yìn náà, á ní kí onítọ̀hún wá bá òun di pákó mú kí òun rẹ́ ẹ. Ẹnu iṣẹ́ yẹn ni ọ̀rọ̀ ti máa ń jáde.

Ìgbà kan wà tí àwọn agbawèrèmẹ́sìn yẹn ń halẹ̀ mọ́ wa, la bá fi kọ́kọ́rọ́ tó le sí ilẹ̀kùn ọ́fíìsì. A rò pé ọgbọ́n la gbọ́n. Télọ̀ kan tó ṣẹ̀ṣẹ̀ bọ́ lọ́wọ́ wọn wọlé, akọ̀wé wa sì fi kọ́kọ́rọ́ náà ti ilẹ̀kùn lẹ́yìn rẹ̀. Háà! Ojú fèrèsé ló bá jáde, tòun ti bàtà ẹsẹ̀ kan. Ẹni tí ejò ti bù jẹ rí, bó bá rí ekòló, á sá. Ẹ̀gbọ́n gbé bàtà kejì kiri àdúgbò títí tó fi rí i. Nígbà tó dé, ó tú kọ́kọ́rọ́ náà dànù, ó ní, "Àwọn ni wọ́n ń ti ilẹ̀kùn mọ́ èèyàn. Àwa ò gbọdọ̀ ṣe bẹ́ẹ̀, bí ẹ̀rù tiẹ̀ ń bà wá." Ó kan àga kan, ó gbé e sẹ́nu ọ̀nà gan-an, kí ẹni tó bá jókòó síbẹ̀ lè máa rí ìta. Télọ̀ yẹn ló rán tìmùtìmù rẹ̀. Òun náà ló ń gba àlejò fún wa lónìí.

Ìyá wa, a mọ ẹ̀jẹ́ tí Ẹ̀gbọ́n jẹ́ fún yín pé òun á mú àbúrò òun padà wá bá yín. Àìsàn kò jẹ́ kó rí i ṣe. A ò ní tàn yín pé iṣẹ́ ti parí. Bí a bá ń sunkún, à á máa ríran. Ẹ̀jẹ́ náà ti di tiwa. Télọ̀ ti ń ránṣẹ́ sí àbúrò gba ọ̀nà tí Ẹ̀gbọ́n ń gbà ránṣẹ́ sí i nígbà ayé rẹ̀, kò sì ní rẹ̀ wá. Ẹ̀kọ́ àwọn ọmọ olóògbé náà ti di bùkátà wa. Ṣọ́ọ̀bù rẹ̀ kò ní kógbá wọlé.

Bí àbúrò bá dé, kò ní bá kọ́kọ́rọ́ lẹ́nu ọ̀nà wa. Àga wà níbẹ̀. Kó jókòó títí ara rẹ̀ á fi balẹ̀, lẹ́yìn náà la óò sìn ín wá sílé yín.

Kí Ọlọ́run, tó mọ ibi tí ọmọ yín kejì ń sùn sí, tù yín nínú, kó sì dá ẹ̀mí yín sí, kó lè jẹ́ pé ẹ̀yin fúnra yín lẹ máa ṣílẹ̀kùn fún un. Àmín.

Alága, lórúkọ gbogbo ọmọ ẹgbẹ́