Adéṣẹwà, Abọ́ Tìrẹ Ni Wọ́n Kọ́kọ́ Bù

Ọdún mẹ́ta rèé, Adéṣẹwà àbúrò mi, tí o ṣubú lẹ́nu iṣẹ́ ní pápá ọkọ̀ òfurufú Manchester, tí o kò sì dìde mọ́.

Pásítọ̀ ní kí n kọ ọ̀rọ̀ tó dùn sí ọ. Èmi Àbẹ̀ní ò mọ̀ ọ́n kọ. Inú ló ń bí mi, òun náà ni màá kọ.

Miracle ọmọ rẹ ti wọ sẹ́kọ́ńdírì, ó ti ga jù mí lọ. Bàbá rẹ̀ ló ń di irun fún un báyìí. Nilesh ọkọ rẹ ni mò ń sọ o! Nilesh tí ìyá rẹ̀ kò jẹ́ kó ṣan ife rí láti India tí wọ́n ti wá. Ó ń fọ aṣọ. Ó ń ra ẹ̀fọ́ ní Stockport Road. Ó ń yan rótì, búrẹ́dì pẹlẹbẹ wọn. Ọwọ́ ń ro ìyá rẹ̀, kò lè gbé ìkòkò mọ́, Nilesh ọmọ rẹ̀ ló ń bu oúnjẹ fún un.

Ta ló so ọwọ́ Nilesh nígbà tí o wà láàyè?

Mo rántí. Nilesh àti ìyá rẹ̀ á jókòó máa jẹun. Ìwọ tí o ṣẹ̀ṣẹ̀ ti ibi iṣẹ́ dé á máa yan rótì lọ́kọ̀ọ̀kan, kí tiwọn lè gbóná. Ìgbà tó bá fi máa kàn ọ́, ọbẹ̀ ti tutù. Orí ìdúró lo ti ń jẹ ẹ́, lẹ́gbẹ̀ẹ́ síǹkì. Mo bá ọ jà títí. O ní, "Ẹ̀gbọ́n mi, ẹ fi wọ́n sílẹ̀. Ṣé màmá tiwa kì í jẹ ìsàlẹ̀ ìkòkò ni?"

Lánàá wọ́n ṣe ìrántí rẹ bí wọ́n ṣe ń ṣe é nílé wọn. Ẹni tó kú ni wọ́n ń kọ́kọ́ bu oúnjẹ fún, ẹnikẹ́ni kò gbọdọ̀ tọ́ ọ wò ṣáájú rẹ̀. Nilesh se ilá wọn tí kì í yọ̀ yẹn, èyí tí o fẹ́ràn, tí mo máa ń torí ẹ̀ fi ọ́ ṣẹ̀sín. Ó yan rótì kan, ó sáré gbé e síwájú àwòrán rẹ, ooru ṣì ń rú lórí ẹ̀.

Mi ò lè pa á mọ́ra. Mo ní, "Nilesh, ìsinsìnyí lo wá mọ̀ ọ́n bù fún un?"

Ìyá rẹ̀ ló sọ̀rọ̀: "Ìdí síǹkì lèmi náà ti jẹun títí ọkọ mi fi kú."

Mo fa àga, mo jókòó tì í.

A ò gbàgbé rẹ. A ṣì fẹ́ràn rẹ, títí kan Nilesh. Ṣùgbọ́n rótì gbígbóná àkọ́kọ́ tó kàn ọ́ nínú ilé yẹn, ẹ̀mí rẹ lo fi rà á.