Loveday Kì Í Gbé Ilé Ìjà

                                        Ojúlé Kẹrin, Òpópónà Ṣọ́ọ̀ṣì,
                                        Porthvean,
                                        Cornwall.
                                        Ọjọ́ kẹrin, oṣù Kẹta, ọdún 1978.

Wenna, àbúrò mi àtàtà,

Ṣé àlàáfíà ni o wà? Ọkọ rẹ ńkọ́? Àwọn ìbejì ńkọ́, ṣé wọ́n ń dàgbà? Orókùn rẹ tí ó máa ń dùn ọ́ nígbà òtútù, ṣé ó ti fi ọ́ lọ́rùn sílẹ̀? Mo mọ̀ pé bí o ti rí ọwọ́ ìkọ̀wé mi lára àpò ìwé yìí, ńṣe ni o wá ìjókòó. Ọdún mẹ́rin kì í ṣe ọjọ́ mẹ́rin. Jọ̀wọ́, má tíì jù ú sínú iná. Kà á tán ná.

Jenna ọmọ mi ti bímọ. Ọjọ́ kẹta oṣù tó kọjá ni, obìnrin ni, ohùn rẹ̀ sì le dáadáa. Imú ilé wa ni ó gbé wá sáyé, kò sí ti Martin ọkọ Jenna níbẹ̀ rárá. Birmingham ni Martin ti wá. O kúkú mọ̀ pé èèrà ni àwa ń pe irú wọn, nítorí bí oòrùn bá ti yọ báyìí ni wọ́n máa ń rọ́ wá sí etí òkun wa. Ṣùgbọ́n èèrà tiwa yìí kì í ṣe èèyàn burúkú. Ó ń fọ ìtẹ́dìí ọmọ.

Ọ̀rọ̀ orúkọ ni ó di wàhálà. Jenna ní Loveday ni ọmọ òun yóò máa jẹ́. Wenna, orí mi wú! Àǹtí wa nìkan ni ó kù tí ń jẹ́ ẹ ní gbogbo Porthvean, ó sì ti pé ẹni ọdún mẹ́rìnlélọ́gọ́rin. Martin wá la ẹnu, ó ní òun kò gbọ́ irú orúkọ bẹ́ẹ̀ rí, pé ó dà bí orúkọ ọṣẹ. Ọṣẹ! Mo ní kí ó jókòó.

Mo kà á fún un láti ìbẹ̀rẹ̀. Mo ní láyé àtijọ́, bí ènìyàn méjì bá ń jà lórí ilẹ̀ tàbí lórí àgùntàn, kì í ṣe gbogbo rẹ̀ ni wọ́n ń gbé lọ sílé ẹjọ́. Wọn á dá ọjọ́ kan tí àwọn méjèèjì yóò jókòó, àgbà á bá wọn dá sí i, wọn á bọ ara wọn lọ́wọ́. Ọjọ́ ìfẹ́ ni wọ́n ń pe ọjọ́ náà, ohun tí Loveday sì túmọ̀ sí gan-an nìyẹn. Ọmọ tí wọ́n bá bí lọ́jọ́ bẹ́ẹ̀, ìbáà ṣe ọkùnrin, ìbáà ṣe obìnrin, orúkọ rẹ̀ ti wà nílẹ̀. Nígbà tó yá, àwọn ará òdìkejì odò Tamar, odò tó pààlà sáàárín ilẹ̀ wa àti Devon, gbàgbé rẹ̀, kálukú ń jẹ́ Mary, kálukú ń jẹ́ Ann. Àwa kò gbàgbé. Ìwọ náà ti rí i nínú ìwé ìrìbọmi ṣọ́ọ̀ṣì wa: Lovedy, Lowdy, Luveday, bí ọtí bá ṣe pa akọ̀wé tó ni ó ṣe ń kọ ọ́. Orúkọ kan náà ni gbogbo wọn.

Mo sọ fún un nípa Loveday tí ó ń gbé apẹ̀rẹ̀ ẹja sẹ́yìn tí ó ń fi ẹsẹ̀ rìn dé Truro, àti èyí tí ó jókòó lé àgbá ọtí tí ọkọ rẹ̀ kò san owó ibodè lé lórí, tí ó ń pariwo pé òun ń rọbí títí àwọn aṣọ́bodè fi sá jáde. Orúkọ àlàáfíà ni o, ṣùgbọ́n n kò tíì rí Loveday kan tí ẹnu rẹ̀ kò mú bí abẹ. Ẹnu jẹ́jẹ́ kò lè parí ìjà.

Nígbà tí mo ṣe tán, Martin ní, "Mo gbà, ẹ̀yin ìyá wa. Ẹ dákun, ṣé mo lè dìde?"

Bẹ́ẹ̀ ni a gbé ọmọ lọ sọ́dọ̀ Àǹtí, kí ó yọ̀ǹda orúkọ. Ó wo ọmọ náà dáadáa, ó fọwọ́ kan imú rẹ̀, ó ní, "Kò lè jẹ́ ẹ."

Jenna bú sẹ́kún. Mo ní, "Àǹtí, kí ló dé?"

"Ilé là á wò ká tó sọmọ lórúkọ. Zillah, ta lò ń bá yodì?"

Ṣé o rí i, mo ti gbàgbé òfin orúkọ náà nínú ilé wa: kò sí ẹni tó lè sọ ọmọ ní Loveday nígbà tí ẹni méjì nínú ẹbí kò bá bá ara wọn sọ̀rọ̀. Àǹtí fúnra rẹ̀ lo ọ̀sẹ̀ mẹ́ta láìlórúkọ, nítorí bàbá wọn àti àbúrò rẹ̀ ń jà lórí ọkọ̀ ojú omi.

Mo ní, "Àǹtí, òun ló fi kárọ́ọ̀tì sínú pásítì."

Martin ní, "Kárọ́ọ̀tì? Ọdún mẹ́rin torí kárọ́ọ̀tì?" Kí ni èèrà mọ̀? Ẹran, ànàmọ́, àlùbọ́sà, tánípù, ká fi ìyẹ̀fun pípò dì í, ká yan án, ó parí. Ohun tí àwọn baba wa gbé wọ inú ihò ìwakùsà nìyẹn.

Àǹtí kò rẹ́rìn-ín. Ó ní, "Ta lo rò pé ó ní kí Wenna máa fi kárọ́ọ̀tì sí i? Hester àbúrò mi, ìyá ẹ̀, ni. Oògùn ti ba ẹnu ẹ̀ jẹ́, kò sóhun tó ń dùn lẹ́nu ẹ̀ mọ́ àfi kárọ́ọ̀tì. Òun ló kọ ọ́ sí mi. Irú pásítì tí ìyá ẹ̀ jẹ kẹ́yìn láyé ni Wenna gbé wá sí ṣọ́ọ̀ṣì lọ́jọ́ tẹ́ ẹ jà. O wá dìde láàárín èrò, o ní ẹni tó bá ti sọdá Tamar ti gbàgbé ọwọ́ ìyá ẹ̀."

Mo bi í pé kí ló dé tí kò sọ fún mi láti ọdún mẹ́rin yìí wá. Ó ní, "Mò ń dúró dè ọ́ kó o béèrè ni."

Wenna, n kò lè jẹun lọ́jọ́ náà. O gbọ́ ọ̀rọ̀ yẹn lẹ́nu mi, o palẹ̀ àwo rẹ mọ́, o lọ, o kò sì gbèjà ara rẹ. Ìgbéraga mi nípa ilé wa ni ó pa mí lójú dé, tí n kò fi rí ọ, ìwọ tí o tọ́jú ìyá rẹ títí dé òpin. Mo fi ọdún mẹ́fà jù ọ́ lọ, ṣùgbọ́n mo jẹ̀bi, mo sì bẹ̀ ọ́. Forí jì mí.

Àǹtí ní ẹni tó jẹ̀bi ni ó ń rìn lọ bá ẹni tí ó ṣẹ̀. O mọ̀ pé mo ti búra pé ẹsẹ̀ mi kò ní kan ilẹ̀ Devon tí o ń gbé láéláé. Mo ti ra tíkẹ́ẹ̀tì rélùwéè. Sátidé, ọjọ́ kọkànlá, ní nǹkan bí agogo méjì ọ̀sán, a ó wà lẹ́nu ọ̀nà rẹ: èmi, Jenna, ọmọ, àti Àǹtí, tí ó ní kò sẹ́ni tó lè fi òun sílẹ̀ sílé. Ó ní òun fẹ́ kí ẹnì kan pe orúkọ òun kí àwọn méjì dáhùn, kí òun tó kú. Ọjọ́ kẹtàdínlógún ni ìjọba fún wa mọ láti fi orúkọ ọmọ sínú ìwé. Martin ní bí ó bá di ọjọ́ náà tí ọ̀rọ̀ kò yanjú, Tracy ni òun yóò kọ.

Bá mi kí ọkọ rẹ, kí o sì bá mi fẹnu ko àwọn ìbejì lẹ́nu. Àwọn ará ṣọ́ọ̀ṣì ń béèrè rẹ. Kò sí ẹni tó ń fi ohùn kejì gbe orin dáadáa mọ́ lápá ibi tí o máa ń jókòó sí. Jenna kí ọ púpọ̀púpọ̀.

A ó kan ilẹ̀kùn. Bí o kò bá ṣí i, n kò ní bínú, a ó gbé ọmọ wa padà. Ṣùgbọ́n Àǹtí ní ẹni tí a ṣẹ̀ ni ó gbọ́dọ̀ kọ́kọ́ pe orúkọ náà, nítorí náà kò sí ẹnikẹ́ni nínú wa tó tíì pè é. Ó ti lé ní ọ̀sẹ̀ mẹ́rin báyìí tí "ìwọ" nìkan ni à ń pe ọmọ yìí. Ẹnu rẹ ni gbogbo wa ń wò.

                                        Èmi ni tìrẹ, ẹ̀gbọ́n rẹ tó jẹ̀bi,
                                        Zillah.