Iná Kékeré Inú Fíríìjì Àlàájà

Abúlé Onígbá, lẹ́yìn Ṣakí.
Ọjọ́ kọkàndínlógún, oṣù kẹta, ọdún 2002.

Gbémisọ́lá ọmọ mi,

Kí n tó kí ọ, jẹ́ kí n sọ ohun tó ń jẹ mí lọ́kàn, torí tí mo bá kọ́kọ́ kí ọ, mo mọ ara mi, màá máa kí ọ títí pépà yóò fi tán ni. Ẹja yẹn kò bàjẹ́ lọ́wọ́ rẹ. Kò bàjẹ́ lọ́wọ́ obìnrin Ilàjẹ tó tà á fún ọ létí ọ̀sà ní Bàrígà. Èmi ìyá rẹ ni mo bà á jẹ́. Èmi náà ni mo bù ú fún Waliyat, tí ọmọ ọlọ́mọ fi bì títí ilẹ̀ fi mọ́.

Ó yá, mo wá kí ọ wàyí. Ṣé dáadáa ni o wà? Ṣé iṣẹ́ ìwé títẹ̀ ń lọ, ṣé ẹ̀rọ tó ń gé pépà yẹn kò tíì gé ọ lọ́wọ́? Ọlọ́run tó mú ọ la ọ̀nà já lọ́jọ́ tí o fi ọmọ ọdún mẹ́tàdínlógún wọ mọ́tò Èkó, kò ní fi ọ́ sílẹ̀ ní Bajúláyé. Àwa náà ń bẹ níbí. Olúmúyìwá àbúrò rẹ ti hu eyín mẹ́rin, ó sì ti fi mẹ́rẹ̀ẹ̀rin bù mí jẹ lọ́mú. Wọ́n fi bàbá rẹ sínú ìgbìmọ̀ òrùlé ní ṣọ́ọ̀ṣì Onítẹ̀bọmi wa, láti ọjọ́ náà wọn ò wo ilẹ̀ rìn mọ́, òkè ni wọ́n ń wò kiri, wọ́n ti kọsẹ̀ lára ewúrẹ́ rẹ lẹ́ẹ̀mejì. Ewúrẹ́ náà ti bí.

Lẹ́tà tí o fi rán Adéjìmí awakọ̀ tẹ̀ mí lọ́wọ́ lọ́jọ́ ọjà, ó di ọjọ́ mẹ́sàn-án lónìí. O kọ ọ́ síbẹ̀ pé ọjọ́ Àìkú tí mo kúrò lọ́dọ̀ rẹ yẹn gan-an ni inú bẹ̀rẹ̀ sí í run Waliyat, ọmọ-ọmọ Àlàájà onílé rẹ, pé wọ́n gbé e lọ sí ọsibítù, wọ́n fa omi sí i lára, ọjọ́ kẹta ló tó lè jókòó. Ọpẹ́ ni fún Ọlọ́run tí o ní ó ti ń sáré kiri báyìí. O ní Àlàájà ní ẹja tó ti kú láti ìjẹta lo lọ rà torí pé kò wọ́n. O ní o búra pé ẹja náà ṣì ń mí nínú abọ́ nígbà tí o rà á, wọ́n ní ẹja tó ń mí kì í gbé ọmọdé dé ọsibítù, kí o yéé purọ́ lójú àgbà, tí oṣù yìí bá ti parí kí o kó ẹrù rẹ jáde nílé àwọn. O tún ní o lọ bá obìnrin Ilàjẹ yẹn, o pè é ní olè lójú àwọn oníbàárà rẹ̀. Níparí rẹ̀, o wá bi mí bóyá mo rí nǹkan kan lára ọbẹ̀ náà kí n tó máa bọ̀.

Gbémi, mo ká lẹ́tà yẹn sínú Bíbélì mi. Ìgbà tí mo rí i pé mi ò lè ṣí Bíbélì mọ́, mo gbé e sínú agolo gààrì. Mi ò wá lè bu gààrì. Bàbá rẹ ló bi mí pé kí ni wọ́n fi ń pa ebi mọ́ àwọn nínú.

Bó ṣe rí nìyí. Láàárọ̀ Sátidé, ìwọ lọ parí kàlẹ́ńdà ìgbéyàwó tí wọ́n fẹ́ gbà lọ́jọ́ kejì, Àlàájà mú Waliyat lọ sí ṣọ́ọ̀bù wọn ní Onípáànù, ó ku èmi àti Olúmúyìwá nílé. Mo gbé ìkòkò ọbẹ̀ tí o sè lálẹ́ Jímọ̀ jáde, mo jẹun, mo gbàgbé rẹ̀ sórí tábìlì títí mo fi wẹ ọmọ tí mo fi fọ aṣọ rẹ̀. Nígbà tí mo fẹ́ gbé e padà sínú fíríìjì Àlàájà gẹ́gẹ́ bí o ṣe pa á láṣẹ, mo rí iná kékeré kan tó ń tàn nínú rẹ̀. Mo ní wọ́n gbàgbé rẹ̀ síbẹ̀ ni. Mo ti ilẹ̀kùn. Nígbà tó pẹ́ díẹ̀ mo tún ṣí i, iná ń tàn. Mo wá yọ́ kẹ́lẹ́kẹ́lẹ́ lọ ṣí i lẹ́ẹ̀kẹta, wìrì, bí ẹni tó fẹ́ ká olè mọ́, iná náà ò mira.

Mo ní ojú ọjọ́ mọ́ rekete, ta ló ń kàwé nínú fíríìjì? Láàárọ̀ yẹn kan náà ni Àlàájà sì ti ń ráhùn pé iná tí Nẹ́pà ń kọ fún àwọn pọ̀ ju iná tí àwọn ń rí lọ. Mo ní kí n ṣe wọ́n lóore, torí wọ́n gbà mí lálejò láìfajúro. Mo bá pa á níbi tí wọ́n ti ń tàn án lára ògiri. Lójú tèmi, òtútù ti wà nínú àpótí náà bí omi ṣe ń wà nínú àmù, tí èèyàn ò bá ti ṣílẹ̀kùn fún un, níbo ni yóò gbà jáde? Àní mo fi àga ti ilẹ̀kùn rẹ̀.

Nígbà tí ilẹ̀ ń ṣú, mo tàn án padà, torí pé òkùnkùn ò dáa, kódà fún ẹja. Àlàájà dé, wọ́n rí omi tó ti ṣàn sábẹ́ fíríìjì, wọ́n bú Nẹ́pà. Èmi náà bá wọn bú Nẹ́pà. Mo bú àwọn Nẹ́pà tọkàntọkàn, mo fi àwọn tó ń gun òpó kún un. Nígbà tó di àárọ̀ ọjọ́ Àìkú, mo tún pa á.

Àlàájà lọ sí àsàlátù, ìwọ lọ ra búrẹ́dì tí màá mú relé. Ebi wá ń pa Waliyat, ó ń tẹ̀ lé mi kiri, ó ń pè mí ní Màmá Ṣakí. Ta ni yóò pè ọ́ bẹ́ẹ̀ tí o ò ní fún lóúnjẹ? Mo ṣí ìkòkò, ọbẹ̀ náà ń ta sí kíkan díẹ̀. Mo gbọ́ òórùn rẹ̀, mi ò ní purọ́. Mo ní bóyá bí òtútù ṣe ń rùn nìyẹn.

Ibi tó ń dùn mí jù ni mo dé yìí. Nílé wa níbí kò sí fíríìjì, ọbẹ̀ kì í sì í bàjẹ́ mọ́ wa lọ́wọ́. Ìyá mi kì í jẹ́ kí ọbẹ̀ sùn láìhó, wọn kì í jẹ́ kó jí láìhó. Mo mọ èyí kí n tó mọ A B D. Ṣùgbọ́n ẹja rẹ yẹn gún régé, gbogbo rẹ̀ pé lódindi bí ìgbà tí o dín in. Mo ní tí mo bá jẹ́ kó hó yóò fọ́, Àlàájà yóò dé bá egungun nínú ìkòkò, wọn yóò ní ṣé bí ìyá Gbémi ṣe ń gbé ọbẹ̀ kaná nìyí. Mo wá kàn yọ òtútù lára rẹ̀ lórí sítóòfù, ó lọ́ wọ́ọ́rọ́, mo bù ú sórí ìrẹsì fún ọmọ. Èmi jẹ orí. Kí wọ́n má baà fi ọ́ ṣe yẹ̀yẹ́ ni mo fi ohun tí mo mọ̀ sílẹ̀, mo di ohun tí mi ò mọ̀ mú.

Kí mọ́tò wa tó dé Ìbàdàn, mo ti ní kí awakọ̀ dúró lẹ́ẹ̀mẹta. Ní ìgbà kẹrin ó ní ìyá ọlọ́mọ, ẹ kúkú máa bọ̀ níwájú kí ẹ wá wà á. Búrẹ́dì rẹ ni mo dá lẹ́bi, mo jù ú sígbó. Ọmú nìkan ni Olúmúyìwá ń mu, nǹkan kan ò ṣe é, ṣùgbọ́n láti ìgbà tí lẹ́tà rẹ ti dé, mo kàn máa ń wò ó ni, mo ń rò ó pé ká ní ó ti ń jẹ ẹja ńkọ́.

Nígbà tí mo gbé e lọ wọ̀n ní Túsìdeè tó kọjá, mo bi Nọ́ọ̀sì Wosilat ní ọ̀rọ̀ náà. Mo ní aládùúgbò mi kan ló ṣe bẹ́ẹ̀. Ó ní ṣé aládùúgbò náà pọn ọmọ sẹ́yìn báyìí? Mo tún ọ̀já mi dì. Ó ní tí èèyàn bá ti ilẹ̀kùn fíríìjì, iná inú rẹ̀ á kú fúnra rẹ̀. Mo ní báwo ló ṣe mọ̀, nígbà tí ilẹ̀kùn ti padé, ta ló wà nínú ibẹ̀ tó rí i? Ó rẹ́rìn-ín títí ó fi di òṣùwọ̀n mú. Ó wá mú mi dé ìdí fíríìjì tí wọ́n ń kó abẹ́rẹ́ àjẹsára sí, ó fi ohun kékeré kan hàn mí létí ibi tí ilẹ̀kùn ti ń padé, ó fi ìka tẹ̀ ẹ́. Iná kú. Ó gbé ìka, iná tàn. Gbémi, mo jókòó sílẹ̀. Mo ní kó tún un tẹ̀, ó tún un tẹ̀.

Kò bú mi. Ó ní kí ẹja tí a ti sè má ṣe jókòó síta ju wákàtí méjì lọ, kí a bù ú sínú abọ́ kéékèèké tó ní ìdérí, kí ó tètè tutù, kì í ṣe odindi ìkòkò. Ìwọ̀nba tí a ó jẹ ni kí a bù jáde, kí a jẹ́ kó hó, kí èéfín máa jáde láti inú ẹja náà fúnra rẹ̀, bó bá fọ́ kó fọ́, kí a má sì dá èyí tí ó ṣẹ́ kù padà. Ó ní tí iná bá ti lọ láti àárọ̀ dalẹ́, kí a má wulẹ̀ gbọ́ òórùn rẹ̀ wò, torí ẹja tó ti bàjẹ́ mìíràn kì í rùn, kí a dà á nù. Mo ní bó bá jẹ́ orí ńkọ́? Ó ní àti orí.

Kì í ṣe pé o ò mọ̀ ọ́n ni mo fi kọ ọ́. Mo fẹ́ kí Àlàájà mọ̀ pé mo ti mọ̀ ọ́n. Nítorí náà, ka lẹ́tà yìí fún wọn láti òkè délẹ̀, má ṣe fo ibi tí mo ti ṣe bí òmùgọ̀, ibẹ̀ gan-an ni kí o rọra kà. Lẹ́yìn náà, lọ bá obìnrin Ilàjẹ yẹn ní Bàrígà lójú àwọn oníbàárà rẹ̀ kan náà, kí o kúnlẹ̀. Àlàájà ni èmi fẹ́ wá kúnlẹ̀ fún. Bàbá rẹ ní ẹnìkan kì í fi pépà bẹ àgbà, ṣùgbọ́n ẹ̀rù ń bà mí kí wọ́n má tìlẹ̀kùn mọ́ mi, ni mo ṣe fi lẹ́tà ṣáájú.

Mo fi iṣu mẹ́fà àti oyin ìgò kan rán Adéjìmí. Ti Àlàájà ni oyin. Mi ò béèrè owó lọ́tẹ̀ yìí, bó tilẹ̀ jẹ́ pé bàtà mi ti ya lẹ́nu. Tó bá jẹ́ pé o ti ní nǹkan tí o fẹ́ fi ránṣẹ́, fi ra bisikíìtì fún Waliyat, kí o sọ fún un pé Màmá Ṣakí ló ní kí ó jẹ ẹ́, tútù ni wọ́n ń jẹ ẹ́.

Ilé tí o fi òtítọ́ gbé kò ní lé ọ jáde. Ọmọ tìrẹ náà kò ní ti ọwọ́ ẹni tó fẹ́ràn rẹ̀ ṣàìsàn.

Oṣù ku ọjọ́ méjìlá. Adéjìmí yóò kúrò ní Èkó láàárọ̀ Sátidé. Jọ̀ọ́, kọ èsì fún un kí ó mú bọ̀, kí n mọ̀ bóyá o ṣì ní ibi tí o ń sùn.

Èmi ni ìyá rẹ.