Indu, Yamuna Ti Sọ Ọ́ Di Olóògbé

                                        Ilé Bhide, Òkè Kejì,
                                        Sadashiv Peth,
                                        Pune.
                                        Ọjọ́ Kọkànlá, Oṣù Kejì, 2014.

Ọ̀rẹ́ mi àtàtà, Indu tí wọ́n ní ó ti kú,

Ṣé àlàáfíà lo wà? Mo fẹ́ kí o dá ìbéèrè yìí lóhùn dáadáa lọ́tẹ̀ yìí, má kàn kọ "a dúpẹ́" ránṣẹ́ sí mi bí o ti máa ń ṣe. Ṣé oúnjẹ ń lọ lẹ́nu rẹ? Ṣé orúnkún yẹn ti ń jẹ́ kí o gun àtẹ̀gùn? Ajay ọmọ rẹ ńkọ́, ìyàwó rẹ̀ ńkọ́, Mithila ọmọ ọmọ rẹ tó ń kọ́ ijó ńkọ́? Mo pe Ajay lórí fóònù lánàá, nítorí ìwọ fúnra rẹ kì í gbọ́ ju "ta ni yẹn" lọ nínú fóònù. Ó ní o wà lẹ́yìnkùlé, pé ìwọ àti aládùúgbò ń fa ọ̀rọ̀ lórí ẹ̀ka igi ọsàn tó yọ sọ́dọ̀ rẹ̀. Ọkàn mi balẹ̀. Ẹni tó ń jà nítorí ọsàn kò tíì di ẹni tí wọ́n ń tan tùràrí síwájú rẹ̀.

Èmi náà wà níbí. Wọ́n fẹ́ ṣiṣẹ́ abẹ fún ojú ọ̀tún mi lóṣù tó ń bọ̀. Ojú òsì ṣì ń ríran kedere, òun ni mo sì fi rí ohun tí mo fẹ́ ròyìn fún ọ yìí. Wá ibì kan jókòó sí kí o tó máa kà á lọ, kì í ṣe ẹnu ọ̀nà o.

Yamuna Belsare ni. Ta tún ni ì bá jẹ́? Ọjọ́ Àìkú tó kọjá ni wọ́n ṣe ayẹyẹ àádọ́ta ọdún rẹ̀ lórí ìtàgé àti lórí tẹlifíṣọ̀n, nínú gbọ̀ngàn eré tó wà létí odò, níbi tí a ti máa ń jẹ àkàrà ọ̀dùnkún gbígbóná nígbà ìsinmi. Ǹ bá má ti lọ. Ṣùgbọ́n wọ́n kọ ọ́ sínú ìwé ìpè pé yóò tún ṣe ìran ẹnu ọ̀nà inú eré Ìyàwó Ilé Kejì, èmi tí mo sì ṣe ìyá ọkọ nínú eré yẹn láyé ọjọ́sí, iwájú ni wọ́n fún mi ní àyè. Mo wọ sárì aláwọ̀ ewé tí o fún mi, mo lọ.

Bí mo ṣe wọlé, mo rí tábìlì kan lẹ́gbẹ̀ẹ́ ìtàgé. Àwòrán àwọn tiwa tó ti lọ ni wọ́n tò sórí rẹ̀, wọ́n fi ẹ̀gbà òdòdó kọ́ ọ̀kọ̀ọ̀kan wọn lọ́rùn bí a ti ń ṣe fún àwòrán òkú, tùràrí ń rú níwájú wọn. Bhau Gadre, ọ̀gá wa tó darí eré náà, wà níbẹ̀. Ó dáa, Bhau ti kú, a jọ sunkún rẹ̀ ni. Ọkùnrin tó máa ń tan iná ìtàgé fún wa wà níbẹ̀. Ẹni tó tẹ̀ lé e ni ìwọ. Ìwọ, Indu, pẹ̀lú irun dídì méjì àti ẹ̀rín tí o máa ń rín bí ẹni tó jí ṣúgà lá. Ẹ̀gbà tìrẹ ló tóbi jù. Wọ́n kọ "Olóògbé Indumati" sábẹ́ rẹ̀.

Mo rò pé ojú mi tó ń yọ mí lẹ́nu ló tún bẹ̀rẹ̀. Mo bọ́ awò ojú, mo nù ún, mo tún wò ó. Ìwọ náà ni. Obìnrin kan tó dúró tì mí pa àtẹ́lẹwọ́ méjèèjì pọ̀, ó dijú, ó kí ọ bí a ti ń kí òkú. Mo yára lọ bá Pandu lẹ́nu ilẹ̀kùn, Pandu yẹn tó ti ń gba tíkẹ́ẹ̀tì láti ìgbà tí àwa méjèèjì ṣì jẹ́ ọmọge.

Mo ní, "Pandu, ta ló gbé àwòrán Indu síbẹ̀ yẹn?"

Ó ní, "Madam Yamuna fúnra wọn ni wọ́n kó wọn wá látilé. Ẹ kú ìrọ́jú o, Àǹtí Malati. Àwa ò tiẹ̀ gbọ́ nígbà tó ṣẹlẹ̀."

"Ìrọ́jú ti kí ni? Indu wà ní Nagpur, ó ń jẹ ọsàn."

Ó wò mí bí a ti ń wo ẹni tí orí rẹ̀ kò pé mọ́. Ó ní, "Ẹ lọ jókòó, Àǹtí, ẹ jẹ́ kí n bá yín wá tíì."

Mo mọ̀ ọ́. O ti ń sọ lọ́kàn rẹ báyìí pé bóyá àṣìṣe ni. Kì í ṣe àṣìṣe kankan. Nígbà ọdún Ìmọ́lẹ̀ tó kọjá, mo bá Yamuna pàdé ní ilé ìtajà àdídùn, mo sọ fún un pé, "Indu ní kí n kí ọ." Kò tiẹ̀ gbójú sókè kúrò lórí ohun tí wọ́n ń wọ̀n fún un. Ó ní, "Ẹn-ẹ́n, Indu ṣì wà? Ó mà ń pẹ́ láyé o." Ẹnu ara rẹ̀ ló fi sọ ọ́.

Ìdí tó fi fẹ́ kí o kú kò ṣòro. Ìwọ lo máa ń sọ pé o ti gbàgbé, èmi kò gbàgbé. Ìwọ ni ìyàwó inú eré náà nígbà yẹn, ibà táífọ́ọ̀dù sì ti wà lára rẹ lálẹ́ ọjọ́ tí mò ń wí yìí, a kò mọ̀. Nínú ìran ìgbà títan fìtílà, ṣe ló yẹ kí ìyàwó fara ti ilẹ̀kùn, kó sì sọ pé, "Ẹ má tíì tan fìtílà náà." Ẹsẹ̀ rẹ kọ̀. O jókòó pẹ̀ẹ́ sí àárín ẹnu ọ̀nà, nírọ̀lẹ́, nígbà tí a ń tan fìtílà. Ta ló ń ṣe bẹ́ẹ̀ láàárín wa? Nínú eré pàápàá, a kì í ṣe é. Gbogbo gbọ̀ngàn fa èémí sínú. Àwọn ìyá àgbà láàárín èrò ń sọ pé, "Dìde, ọmọ, dìde kúrò níbẹ̀." O kò dìde. Ibẹ̀ lo ti sọ gbogbo ọ̀rọ̀ rẹ, ohùn rẹ ò ga ju ti ẹni tó ń sọ àlá lọ, èrò sì ń sunkún. Bhau dúró sẹ́yìn aṣọ ìtàgé, ó ń nu ojú, ó ní ìjókòó yẹn ti wọ inú eré, kò ní í jáde mọ́.

Lọ́jọ́ kejì o wà nílé ìwòsàn. Yamuna tó ń gbé àwo tíì wọlé nínú eré, tí gbogbo ọ̀rọ̀ rẹ̀ kò ju "Wọ́n ti dé" lọ, ni wọ́n ní kó di ipò rẹ mú fún ọ fún ìgbà díẹ̀. Nígbà tí o padà dé, tí o ti rù, tí wọ́n ti gé irun rẹ, Bhau kò lè wò ọ́ lójú. Ó ní, "Yamuna ti mọ́ àwọn èèyàn lára, Indu." O kó ẹrù rẹ, o lọ di olùkọ́ ní Nagpur. Òun jókòó sẹ́nu ọ̀nà yẹn títí wọ́n fi ń pè é ní ìjókòó Yamuna. Ó sọ fún àwọn akọ̀ròyìn pé abo òrìṣà kan ló fi han òun lójú àlá. Ní ọ̀dọ̀ onídìrí ni mo ti kà á, díẹ̀ ló kù kí n fa ìwé ìròyìn náà ya.

Nígbà tí eré orí ìtàgé kò ta mọ́, ó sá lọ sí Mumbai, ó di ìyá ọkọ burúkú lórí tẹlifíṣọ̀n. Ìwọ kì í wò ó, ojú rẹ yọ nínú ewu. Gbogbo wúrà rẹ̀ ló máa ń wọ̀ sùn. Bó bá gbọ́ ìròyìn burúkú, á yí ọrùn sọ́tùn-ún, á yí i sósì, kí ẹ̀rọ ayàwòrán lè ya imú rẹ̀ níbi gbogbo. Kò há ọ̀rọ̀ kankan sórí mọ́. Ẹnìkan máa ń lúgọ sẹ́yìn àga, á máa kà á sí i létí, òun á máa tún un sọ bí ọmọ jẹ́lé-ó-sinmi. Ohun tó wá ń pa mí lẹ́rìn-ín jù ni pé kò gbà kí wọ́n pa òun nínú eré. Wọ́n jù ú sí kànga, ó jáde. Ilé jó mọ́ ọn, ó jáde. Nítorí pé bó bá kú, wọ́n á gbé àwòrán rẹ̀ kọ́ ògiri pálọ̀ inú eré náà, wọ́n á fi ẹ̀gbà òdòdó sí i, ó sì ti búra pé ojú òun kò ní í rí ẹ̀gbà lára àwòrán òun. Àwọn tó ń kọ eré náà rán an lọ gbàdúrà ní ìlú mímọ́ Kashi, ibẹ̀ ló wà títí eré fi parí. Obìnrin tó sá fún ẹ̀gbà tó báyẹn ló jókòó nílé rẹ̀, tó fọwọ́ ara rẹ̀ so ọ̀kan mọ́ àwòrán tìrẹ. Ṣíọ̀.

Lọ́jọ́ ayẹyẹ náà, àwọn kan fi ìborùn bo Yamuna, wọ́n fún un ní àgbọn, wọ́n yìn ín títí ó fi sú mi. Ó wá dìde láti sọ̀rọ̀. Nígbà ọdún òrìṣà Ganesh tó kọjá, bàbá àgbàlagbà kan ti kọ ọ́ sínú ìwé ìròyìn pé òun fojú ara òun rí i pé Indu ló kọ́kọ́ jókòó sẹ́nu ọ̀nà yẹn. Nítorí náà abo òrìṣà ní láti kúrò nínú ìtàn náà, kí o lè wọlé, àmọ́ bí òkú. Yamuna di ẹ̀rọ gbohùngbohùn mú, ó ní, "Indu pè mí sẹ́gbẹ̀ẹ́ bẹ́ẹ̀dì rẹ̀. Ó di ọwọ́ mi mú. Ó ní, 'Yamuna, gba ìjókòó yìí lọ́wọ́ mi, má jẹ̀ẹ́ kó parun.' Ó sì pajú dé." Ó sunkún. Omijé gidi ni, mo rí i. Gbogbo èèyàn sunkún tẹ̀ lé e.

Lẹ́yìn náà ló ṣe ìran náà. Obìnrin tó ti lé ní àádọ́rin ọdún fi òdòdó sírun, ó ń ṣe ìyàwó tuntun. Ọmọbìnrin méjì ló gbé e dìde kúrò nílẹ̀ nígbà tó parí. Ṣùgbọ́n n kò ní í purọ́ fún ọ, ó dára. Ó dùn mí láti kọ ọ́. Bó o ṣe dákẹ́, ibi tó o ti mí, bó o ṣe fi ọwọ́ kan igi ilẹ̀kùn, kò fi ọ̀kan sílẹ̀. Ìgbà tí mo rí ọ nínú rẹ̀ kedere báyẹn ni inú wá bí mi tó bẹ́ẹ̀ tí ẹsẹ̀ mi fi gbé mi dìde.

Mo gun orí ìtàgé lọ. Wọ́n rò pé mo fẹ́ dì mọ́ ọn, wọ́n tiẹ̀ ń pàtẹ́wọ́. Mo lọ síbi tábìlì, mo bọ́ ẹ̀gbà kúrò lára àwòrán rẹ. Àwòrán Yamuna ńlá kan wà láàárín ìtàgé, ó ga ju mí lọ. Mo fi ẹ̀gbà náà kọ́ ọn lọ́rùn.

Ẹnìkan rẹ́rìn-ín lókè. Yamuna tí èèyàn méjì ṣẹ̀ṣẹ̀ gbé dìde, ó fò síbẹ̀ fúnra rẹ̀. Ó já ẹ̀gbà náà lára àwòrán, férémù wó lulẹ̀, gíláàsì fọ́. Ó ju òdòdó náà nù bí ẹni tí ejò wà lọ́wọ́ rẹ̀. Àánú rẹ̀ fẹ́ ṣe mí, mo gbé e mì. Mo sọ sókè pé, "Indu kò kú. Ìwọ gan-an mọ̀ pé kò kú."

Ó wò mí. O mọ bí ojú rẹ̀ ṣe máa ń rí tó bá ń wá ọ̀rọ̀. Ó wá dì mọ́ mi níwájú gbogbo ayé, ó sọ sínú ẹ̀rọ gbohùngbohùn pé, "Ẹ má bínú sí i. Ìyá mi ni. Látọjọ́ tí Indu ti lọ ni kò ti gbà pé ó lọ." Ìyá rẹ̀, èmi tí ó fi oṣù méje jù lọ. Èrò dìde, wọ́n ń pàtẹ́wọ́ fún mi tomijé-tomijé. Àwọn ọmọbìnrin kan fà mí lápá sọ̀kalẹ̀, wọ́n ń fún mi lómi. Lọ́jọ́ kejì, àwòrán mi wà nínú ìwé ìròyìn, wọ́n kọ ọ́ síbẹ̀ pé ìbànújẹ́ ọ̀rẹ́ ti da orí mi rú. Gbogbo adúgbò ló wá ń bá mi sọ̀rọ̀ jẹ́jẹ́ bí ẹni ń rẹ ọmọdé lẹ́kún.

Indu, o rí i pé agbára mi pin síbí. Bí mo bá tún sọ pé o wà láàyè, omi ni wọn yóò tún bù fún mi. Mo mọ ohun tí o máa sọ: "Fi í sílẹ̀, Malati, a ti dàgbà, kí ni mo fẹ́ fi ìjókòó ṣe?" Rò ó wò. Lọ́jọ́ kan Mithila yóò kà á níbì kan pé ìyá bàbá òun kú sórí bẹ́ẹ̀dì ilé ìwòsàn lọ́mọ ọdún mẹ́tàlélógún, kò tíì lọ́kọ. Ta ló wá bí bàbá rẹ̀?

Ọjọ́ Sátidé tó gbẹ̀yìn oṣù yìí, Yamuna yóò ṣe odindi eré náà nínú gbọ̀ngàn kan náà. Mo ti gba àyè méjì ní ìlà iwájú, tèmi àti tìrẹ. Jẹ́ kí Ajay fi ọkọ̀ ojú irin gbé ọ wá, ọ̀dọ̀ mi ni ẹ ó sùn. Má bá ẹnikẹ́ni jà, má sọ ohunkóhun. Nígbà tó bá jókòó sẹ́nu ọ̀nà, ṣáà dìde dúró níbi ìjókòó tìrẹ, kó rí ọ.

Bá mi kí Ajay àti ìyàwó rẹ̀. Sọ fún Mithila pé mo ń bọ̀ wá wo ijó rẹ̀. Kí aládùúgbò rẹ pẹ̀lú, kí o sì fún un lọ́sàn díẹ̀.

                                        Èmi ni, ọ̀rẹ́ òkú tó ń jà nítorí ọsàn,
                                        Malati.

Mo fẹ́rẹ̀ẹ́ gbàgbé. Pandu wá sílé mi ní ìrọ̀lẹ́ àná, ó di nǹkan kan sínú ìwé ìròyìn. Àwòrán rẹ ni. Mo tún fi fóònù pe Ajay, mo ní kó gbé e sẹ́nu rẹ, mo sì gbé tèmi sétí Pandu. "Ta ni yẹn?" lo pariwo sí i létí. Ó jókòó. Mo ní ní Sátidé, bó bá rí òkú kan tó mú tíkẹ́ẹ̀tì lọ́wọ́, kó jẹ́ kó wọlé. Ó ní, "Àǹtí Indu? Kí ni wọ́n fẹ́ fi tíkẹ́ẹ̀tì ṣe? Àwọn ló ni ẹnu ọ̀nà."