Àgádágodo Lára Aṣọ Funfun

Mọ́ńdè, 3 March 2008
Èmi Nùrẹ́nì ọmọ Kàsúmù. Mo kúrò ní SS1, ayé ò bàjẹ́. Oṣù mẹ́rin géérégé lónìí tí Bàbá mi ò ti dá ìkíni mi lóhùn. "Yunifásítì ń hù bí olú l'Ọ́tà, ọmọ tèmi ń gbé kámẹ́rà kiri" — ọ̀rọ̀ tí wọ́n sọ gbẹ̀yìn nìyẹn. Mo ti sọ wọ́n ní Àgádágodo.
Kò dùn mí rárá.

Túsìdeè, 4
Mo fi kámẹ́rà ọ̀gá mi, Gbọ́ládé — iṣẹ́ fídíò ni mò ń kọ́ lọ́dọ̀ wọn — pamọ́ sẹ́yìn kọ́tìnì. Mo dọ̀bálẹ̀. "Ẹ káàárọ̀, sà." Àgádágodo wà nínú síńgílẹ́ẹ̀tì, wọ́n ń rin pákò, wọ́n ń wojú ọ̀run, bíi pé ẹyẹ kan ló kí wọn.

Jímọ̀, 7
Ọjọ́ kẹrin. Ẹyẹ yẹn ṣì ń kí wọn.

Mọ́ńdè, 10
Àárọ̀ méje ti pé! Bàbá á máa dákẹ́ lára aṣọ funfun tí a ó tan fíìmù sí, èmi fúnra mi á máa dọ̀bálẹ̀ níwájú aṣọ, lójú àwọn òǹwòran. Ọ̀gá ní, "Fíìmù ni àbí tíátà?" Mo ní méjèèjì ni, kò tíì lórúkọ, èmi ni màá sọ ọ́ lórúkọ. Wọ́n ní kí n kọ́kọ́ lọ ká wáyà.
Sìkírátù àbúrò mi ní Bàbá á jó ẹnu mi pọ̀ bíi géètì. Iṣẹ́ wẹ́dà kúkú ni wọ́n ń ṣe, ní Toll Gate.

Sátidé, 15
A ta aṣọ funfun sínú ilé ẹrù kan tó ti ṣófo, ní Iyana Iyesi. Kò ní fèrèsé — aago méjì ọ̀sán, ó ṣú dùdù. Àwọn òṣìṣẹ́ kọ́ńpìnnì kún un, àwọn sítúdẹ́ǹtì náà. Àwọn méjì gbé Bíbélì wá, wọ́n rò pé ṣọ́ọ̀ṣì tuntun la fẹ́ ṣí.
Mo dọ̀bálẹ̀ lẹ́ẹ̀kíní, wọ́n rẹ́rìn-ín. Ẹ̀ẹ̀kẹta, gbogbo ẹ̀ pa lọ́lọ́. Ẹ̀ẹ̀karùn-ún, ìyá kan pariwo: "Bàbá, ẹ jọ̀ọ́, ẹ dá a lóhùn!" Ẹ̀ẹ̀kẹfà — ó yà mí lẹ́nu — àwọn ọkùnrin ti dọ̀bálẹ̀ tì mí, wọ́n ń bẹ aṣọ! "Ẹ má wo tiẹ̀, sà, ẹ wo tiwa!"
Aṣọ ò dáhùn.
Ẹ̀ẹ̀keje, mo bojú wẹ̀yìn. Àgádágodo gan-an, lẹ́nu ọ̀nà, pẹ̀lú aṣọ iṣẹ́. Sìkírátù, olófòófó! Àwọn èèyàn dá wọn mọ̀. Gbogbo ilé yíjú padà, wọ́n tún dọ̀bálẹ̀. Bàbá wò wá títí. Wọ́n jáde.
Eruku ló wọ̀ mí lójú.

Sọ́ńdè, 16
Mi ò gbé kámẹ́rà láàárọ̀ yìí. "Ẹ káàárọ̀, sà."
Wọ́n yọ pákò lẹ́nu. "Síńgílẹ́ẹ̀tì yẹn ti ya lábíyá, Nùrẹ́nì! Lójú gbogbo Ọ̀tà! O ò lè ní kí n wọ dáńṣíkí?"
Wọ́n wọlé, wọ́n jáde pẹ̀lú fìlà. "Tún mi yà."
Mo gbé kámẹ́rà kalẹ̀. Mo ní, "Bàbá, ẹ má dáhùn o." Mo dọ̀bálẹ̀. "Ẹ káàárọ̀, sà."
"Káàárọ̀, ọmọ mi. Ṣé dáadáa lo jí?"
Ẹ̀ẹ̀mẹsàn-án la tún un ṣe. Wọn ò lè dákẹ́ mọ́. Fíìmù mi ti bàjẹ́ pátápátá.